Ìkarahun Funfun Inú Amọ̀

Ní ọjọ́ àkọ́kọ́ tí mo débi iṣẹ́, abọ́ ẹrẹ̀ kan ni wọ́n gbé lé mi lọ́wọ́. Ẹrẹ̀ náà rí bí eérú tí omi dà sí, kò sì rùn rárá. Àlàájì Làmídì, àgbàlagbà tí wọ́n ní kí ó kọ́ mi níṣẹ́, na ìka sí i.

"Sìfáwù, ṣé o ti sẹ́ ògì rí?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, nígbà tí mo wà lọ́dọ̀ ìyá àgbà ní Ìbàdàn.

"O ti mọ ìdajì iṣẹ́ nìyẹn. Ìyàtọ̀ ibẹ̀ ni pé tí a bá sẹ́ ògì, èèrí là ń dànù. Níbí, omi là ń dànù, èèrí là ń tọ́jú. Tó o bá ṣèèṣì da èèrí nù, má wulẹ̀ padà wá lọ́la."

Wọn kò rẹ́rìn-ín. Ó pẹ́ díẹ̀ kí n tó mọ̀ pé ìgbà tí ojú wọn bá le jù ni wọ́n máa ń ṣe àwàdà.

Ilé iṣẹ́ wa kéré. Ó fara pamọ́ sẹ́yìn àwọn ilé ìkẹ́rùsí ní apá Landover ní Amẹ́ríkà, kò sì sí ohun tó fi hàn lóde pé ẹrẹ̀ ìsàlẹ̀ òkun ni wọ́n ń fọ̀ níbẹ̀. Àwọn ọkọ̀ òkun tó ń ṣèwádìí máa ń ti páìpù gígùn bọ ilẹ̀ òkun, wọ́n á fa ẹrẹ̀ inú rẹ̀ jáde, wọ́n á gé e wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, wọ́n á sì fi ránṣẹ́ sí àwọn ilé iṣẹ́ bíi tiwa. Bí ẹrẹ̀ bá ṣe jìn sísàlẹ̀ tó nínú páìpù ni ọjọ́ orí rẹ̀ ṣe pọ̀ tó. A ó fi omi fọ̀ ọ́ lórí asẹ́ tí ojú rẹ̀ tín-ín-rín ju ti asẹ́ ògì lọ. A ó sá ohun tó kù gbẹ, a ó dà á sínú àwo dúdú pẹlẹbẹ, a ó sì gbé e sábẹ́ maikirosikóòpù, awò tó ń sọ ohun tín-ín-rín di ńlá. Ohun tó jọ iyanrìn lójú lásán á wá di ìkarahun. Òmíràn ká bí ìgbín, òmíràn jọ ìgò kékeré, òmíràn rí bí ìgbà tí ènìyàn to hóró àgbàdo léra wọn. Ṣónṣó búrọ́ọ̀ṣì tí a ti rì bọ omi la fi ń gbé wọn lọ́kọ̀ọ̀kan.

Fóràmù ni orúkọ àwọn ẹ̀dá tó kọ́ ìkarahun wọ̀nyí. Wọn kì í ṣe ẹja, wọn kì í ṣe kòkòrò. Sẹ́ẹ̀lì kan ṣoṣo ni gbogbo ara wọn, síbẹ̀ wọ́n ń kọ́lé. Àwọn kan ń léfòó nítòsí ojú omi, àwọn kan sì ń gbé inú ẹrẹ̀ nísàlẹ̀ pátápátá, níbi tí oòrùn kò dé rí. Ti ìsàlẹ̀ ni iṣẹ́ mi dá lé. Nígbà tí wọ́n bá kú, ilé wọn a máa ṣẹ́ kù sínú ẹrẹ̀. Irú ilé tó wà níbẹ̀, bí ó ti tóbi sí, bí ó ti nípọn sí, la fi ń mọ̀ bóyá omi ibẹ̀ tutù tàbí ó gbóná, bóyá atẹ́gùn pọ̀ nínú rẹ̀ tàbí ó ti tán. Mo sọ pé la fi ń mọ̀. Ó yẹ kí n sọ pé la fi ń méfò, kí a sì dán ìméfò náà wò títí yóò fi dúró tàbí tí yóò fi wó.

Ibì kan wà nínú ẹrẹ̀ náà tí gbogbo wa kì í fi ṣeré. Ó lé ní àádọ́ta mílíọ̀nù ọdún báyìí tí ayé gbóná lọ́nà tó yá kánkán. Ooru náà dé ìsàlẹ̀ òkun. Nísàlẹ̀ ibi tí a ń wí, oríṣiríṣi fóràmù ló kún inú ẹrẹ̀. Lókè rẹ̀ díẹ̀, ọ̀pọ̀ nínú wọn ti pòórá, wọn kò sì padà wá mọ́. Mo ti wo ibẹ̀ títí ojú fi ń ro mí. Kò sí ariwo kankan nínú rẹ̀. Àwo kan kún, àwo tó tẹ̀ lé e fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣófo.

Iṣẹ́ náà ń rẹ ènìyàn lọ́nà tí kò hàn. Hillcrest Heights ni èmi àti màmá mi ń gbé. Nọ́ọ̀sì ni wọ́n ní ilé ìwòsàn kan ní Clinton. Láàárọ̀, bí wọ́n bá ṣe ń ti ṣífùtì alẹ́ dé ni èmi ń múra àtilọ wọ bọ́ọ̀sì. Ìdí tábìlì ilé ìdáná la ti ń pàdé, ọ̀rọ̀ tí à ń bá ara wa sọ kì í sì í ju bó ti yẹ lọ.

"Kí lo ṣe lánàá?"

"Mo ṣa ìkarahun, mà."

"Ti ìjẹta ńkọ́?"

"Ìkarahun náà ni."

"Ọlọ́run á ṣàánú wa. Aládùúgbò kan ń bi mí pé irú dókítà wo lo fẹ́ dà. Mo ní ti ẹrẹ̀."

Nínú gbogbo ìlànà iṣẹ́ wa, èyí tí Àlàájì kò gbà kí ẹnikẹ́ni fò ni ti aró. Asẹ́ kan náà la fi ń fọ ẹrẹ̀ oríṣiríṣi, ìkarahun tó kéré bẹ́ẹ̀ sì lè há sójú asẹ́ láti inú ẹrẹ̀ àkọ́kọ́ kí ó bọ́ sínú ìkejì. Ènìyàn á wá rò pé inú ìkejì ló ti wá. Nítorí náà, lẹ́yìn tí a bá ti fọ ẹrẹ̀ kan tán, tí a sì ti fi búrọ́ọ̀ṣì gbo asẹ́, a ó ri asẹ́ náà bọ inú bákẹ́ẹ̀tì aró kan. Ìkarahun yòówù tó bá há síbẹ̀ á mu aró. Tó bá padà yọjú nínú ẹrẹ̀ mìíràn, àwọ̀ rẹ̀ á tú u fó pé àlejò ni.

Àlàájì nìkan ló ń tọ́jú bákẹ́ẹ̀tì yẹn. Òṣogbo ni wọ́n bí wọn sí, aláró sì ni ìyá wọn. Ọwọ́ wọn máa ń dúdú bí ti ẹni tó ń rẹ aṣọ láti ìdí èékánná dé ọrùn ọwọ́, àwọn èèyàn wọn ní mọ́ṣáláṣí sì ti sọ wọ́n ní Àlàájì Aláró. Ìmáàmù bi wọ́n rí bóyá àlùwàlá ń dé abẹ́ aró yẹn. Wọ́n dá a lóhùn pé àwọ̀ ni, kì í ṣe ìbọ̀wọ́.

Wọ́n ti kẹ́kọ̀ọ́ nípa ilẹ̀ àti òkúta ní yunifásítì nílé. Wọ́n fi ọ̀pọ̀ ọdún wo fóràmù fún ilé iṣẹ́ epo kan, nítorí fóràmù ló ń sọ fún àwọn tó ń gbẹ́ kànga epo ibi tí wọ́n dé nínú ilẹ̀. Orúkọ ilé iṣẹ́ nìkan ló máa ń wà lára ìwé tí wọ́n bá kọ. Nígbà tí wọ́n dé Amẹ́ríkà, àwọn dókítà, ìyẹn àwọn tó gboyè ọ̀mọ̀wé, ló ń kọ àpilẹ̀kọ ìwádìí, orúkọ Àlàájì á sì wà ní ìparí, níbi tí wọ́n ti ń dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn olùrànlọ́wọ́.

"Ìsàlẹ̀ ìwé ni mò ń gbé," ni wọ́n sọ fún mi lọ́jọ́ kan. "Bíi fóràmù. Oòrùn kì í débẹ̀."

Ọdún tí wọ́n fẹ́ fẹ̀yìn tì ni ọ̀rọ̀ amọ̀ dé. Amọ̀ kan wà lábẹ́ ilẹ̀ káúńtì wa yìí tí àwọn tó ń kọ́lé kò fẹ́ràn, nítorí ó máa ń yọ̀ bí òjò bá pọ̀, ìpìlẹ̀ ilé á sì sán. Ọjọ́ orí amọ̀ yìí àti ti ibi tí fóràmù ti kú nínú ẹrẹ̀ òkun dọ́gba. Òkun ló bo ibi tí à ń gbé nígbà náà, ṣùgbọ́n ohun tí àwọn onímọ̀ gbà ni pé òkun tí kò jìn ni, èyí tó wà létí ilẹ̀. Ọ̀gá wa, tí gbogbo wa ń pè ní Dókítà, gba amọ̀ díẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tó ń gbẹ́lẹ̀ fún ilé tuntun. Ó fẹ́ mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ létí òkun nígbà tí àwọn tó wà nísàlẹ̀ ń kú.

Àlàájì ni wọ́n fọ amọ̀ náà, àwọn náà ni wọ́n ṣà á. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, wọ́n pè mí.

"Wá wo nǹkan."

Mo fi ojú sí awò. Láàárín àwọn fóràmù etí òkun tó rí rúgúdú, mélòó kan wà tí mo dá mọ̀ lójú ẹsẹ̀. Ìsàlẹ̀ òkun gan-an ni irú wọn ń gbé.

"Níbo lẹ ti rí wọn, sà?"

"Nínú amọ̀ tó wà lábẹ́ ilé àwọn èèyàn nìyẹn. Abẹ́ ilé tèmi náà ní Springdale, bóyá."

Bí ó bá jẹ́ òótọ́, òkun ibí jìn ju bí ẹnikẹ́ni ṣe rò lọ, àwọn ẹ̀dá ìsàlẹ̀ òkun sì ti rí ibi sá sí nígbà tí ilé wọn gbóná. Dókítà wò ó, ó wò ó lẹ́ẹ̀kejì. Ó béèrè nípa aró. Kò sí aró lára ìkankan nínú wọn. Ó ní orúkọ Àlàájì ni yóò ṣáájú nínú àpilẹ̀kọ náà, nítorí àwọn ni wọ́n rí i, àti pé ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni òun máa fi ránṣẹ́.

Ọjọ́ yẹn ni mo kọ́kọ́ rí i kí Àlàájì máa fi ojú rẹ́rìn-ín. Wọ́n pín èso dàbínù ní mọ́ṣáláṣí, wọ́n sì fi díẹ̀ rán mi sí màmá mi. Wọ́n pe àbúrò wọn ní Òṣogbo, wọ́n sì ń ṣàlàyé fóràmù fún un lórí fóònù, wọ́n ń pariwo bí ẹni pé òkun tó wà láàárín wọn ló ń dí i létí.

Àwọ̀ ló kọ́kọ́ dà mí láàmú. Àwọn ìkarahun inú amọ̀ wa máa ń pọ́n rẹ́súrẹ́sú, nítorí irin tó wà nínú ilẹ̀ ti wọ̀ wọ́n lára. Àwọn tí Àlàájì rí funfun bí iyọ̀, bí àwọn inú ẹrẹ̀ òkun tí a fọ̀ kí amọ̀ tó dé. Mo gbìyànjú láti gbèjà wọn lọ́kàn ara mi. Ó lè jẹ́ pé ìkarahun wọn nípọn tó bẹ́ẹ̀ tí irin kò fi lè wọ̀ ọ́. Ó lè jẹ́ pé ojú mi ló ti rẹ̀. Ohun tó dúró gbọn-in ni pé kò sí aró lára wọn. Ṣùgbọ́n ẹ̀rí yẹn kò lágbára ju aró fúnra rẹ̀ lọ, kò sì sẹ́ni tó dán aró wò láti ìgbà tí mo ti débẹ̀.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, màmá mi ń bọ́ bàtà iṣẹ́ lẹ́sẹ̀ nígbà tí mo bi wọ́n.

"Mà, tí ẹ̀rọ bá sọ pé ara aláìsàn yá, tí ojú rẹ̀ ò sì jọ bẹ́ẹ̀, kí lẹ máa ń ṣe?"

"Màá tún un wọ̀n. Màá lo ẹ̀rọ mìíràn."

"Tó bá jẹ́ pé nọ́ọ̀sì tó dàgbà jù yín lọ ló kọ́kọ́ wọ̀n ọ́n ńkọ́?"

"Òun ni màá kọ́kọ́ lọ bá. Mi ò ní gba ẹ̀yìn rẹ̀ lọ sọ fún dókítà. Ṣé mo fẹ́ dójú ti àgbàlagbà ni?" Wọ́n wò mí. "Ta ni nọ́ọ̀sì yẹn?"

"Àlàájì ni."

"Háà! Bàbá tó ń pín dàbínù?"

Mo ní àwọn ni. Wọ́n rọra ti bàtà sábẹ́ àga.

"Aláìsàn kò mọ̀ bóyá inú nọ́ọ̀sì dùn," ni wọ́n wí. "Lọ tún un wọ̀n."

Mo bá Àlàájì níbi tí wọ́n ti ń sá àwo.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, mo fẹ́ ti ìkarahun díẹ̀ bọ aró."

"Fún kí ni?"

"Kí n lè rí i bóyá aró náà ṣì ń mú un."

Wọ́n yọ awò ojú wọn. "Sìfáwù, inú ilé aró ni wọ́n bí mi sí. Màmá mi ti ń rẹ aṣọ kí ìyá tó bí ìyá rẹ tó mọ ọkùnrin. Ìwọ tí o ṣì ń fi ọwọ́ méjèèjì di búrọ́ọ̀ṣì mú, ìwọ lo fẹ́ wá máa bi mí bóyá aró mi ń mú?"

"Ẹ má bínú, sà. Kì í ṣe ẹ̀yin ni mò ń bi. Aró ni mò ń bi."

Ẹ̀rù bà mí pé mo ti kọjá àyè mi. Wọ́n gbé awò padà sójú.

"Ẹnu rẹ ti ń mú. Ó dáa, bi í."

Mo po aró tuntun sínú ife kan. Mo ti ìkarahun ẹrẹ̀ òkun bọ ọ́, mo sì ti irú rẹ̀ bọ bákẹ́ẹ̀tì. A dúró bó ṣe yẹ kí asẹ́ dúró nínú aró. Àwọn tó ti inú ife jáde ti mu aró. Àwọn tó ti inú bákẹ́ẹ̀tì jáde ṣì funfun bí wọ́n ti wọlé.

Àlàájì bu díẹ̀ nínú bákẹ́ẹ̀tì sínú gíláàsì, wọ́n gbé e sójú fèrèsé. Inú bákẹ́ẹ̀tì, ó dúdú kirikiri, nítorí aró ọjọ́ pípẹ́ ti wọ ara ike náà. Inú gíláàsì, ó mọ́ tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi ń rí páàkì ọkọ̀ níta láti inú rẹ̀.

"Èyí kì í ṣe aró," ni wọ́n wí. "Omi tí wọ́n fi ṣan aró ni."

Wọ́n ti ọwọ́ bọ ìdí bákẹ́ẹ̀tì, wọ́n sì ha ẹrẹ̀ kan jáde. Amọ̀ ni, ó ki pọ́pọ́, àwọ̀ rẹ̀ sì jinlẹ̀ ju gbogbo aṣọ aró tí mo ti rí lọ. Amọ̀ tó ń ti ara asẹ́ bọ́ síbẹ̀ ló ti mu aró tán pátápátá, tó sì dì í mú sísàlẹ̀.

"Màmá mi kì í da aró nù," ni wọ́n wí, bí ẹni tó ń bá amọ̀ náà sọ̀rọ̀. "Ìkòkò kan náà ni wọ́n ń bọ́, wọ́n á fi omi kún un, wọ́n á fi aró kún un, ọdún á gorí ọdún. Wọ́n ní ẹni tó bá da ìkòkò aró nù ti da ọwọ́ ara rẹ̀ nù. Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe ń bọ́ eléyìí. Omi díẹ̀, aró tí ìka mẹ́ta lè bù. Aró èlú ni tiwọn, tèmi jẹ́ ti ilé iṣẹ́. N kò ronú pé ìyàtọ̀ wà."

A jókòó. Nígbà tó yá, wọ́n bi mí, "Ṣé Dókítà ti gbọ́?"

"Rárá, sà."

"O ṣeun." Wọ́n nu ọwọ́. "Ṣùgbọ́n gbọ́ o. Aró tó kú kò sọ pé ìkarahun wọ̀nyẹn kì í ṣe ti amọ̀."

"Òótọ́ ni, sà. Kò sọ bẹ́ẹ̀. Kò kàn lè jẹ́rìí fún wa mọ́ ni."

"Nígbà náà, ká wá ẹlẹ́rìí mìíràn."

Amọ̀ díẹ̀ ṣì kù láti ibi kan náà. Asẹ́ tuntun kan wà nínú páálí rẹ̀ tí kò tíì kan ẹrẹ̀ òkun rí. Èmi ni mo fọ amọ̀ náà, ṣùgbọ́n Àlàájì ní àwọn fúnra wọn ni yóò ṣà á. Mo jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn. Mo gbọ́dọ̀ sọ bí ó ti rí: ó wù mí kí ó jẹ́ pé èmi ni mo ṣàṣìṣe. Mo ń wo ọwọ́ wọn, mo ń retí kí búrọ́ọ̀ṣì náà dúró lórí ohun funfun kan. Ó ń dúró lóòótọ́, lọ́pọ̀ ìgbà. Gbogbo ohun tó ń gbé ló pọ́n rẹ́súrẹ́sú, wọ́n kéré, wọ́n jẹ́ ti etí òkun. Wọ́n ṣa àwo náà tán, wọ́n yí i, wọ́n tún bẹ̀rẹ̀ láti ìhà kejì.

"Kò sí níbẹ̀," ni wọ́n wí nígbẹ̀yìn.

"Ó lè jẹ́ pé ó ṣọ̀wọ́n ni, sà. Àwo kan ṣoṣo kọ́ ni..."

"Sìfáwù, má ṣe ṣàánú mi. Ó burú ju kí o bá mi jiyàn lọ."

Wọ́n dìde, wọ́n lọ kan ilẹ̀kùn Dókítà. N kò tẹ̀ lé wọn. Láti ibi tí mo wà, mo gbọ́ ohùn wọn, ó tẹ́jú, kò yára. Wọn kò dárúkọ mi bí ẹni tó fura sí wọn. Wọ́n ní àwa méjèèjì la dán an wò.

Dókítà dá àpilẹ̀kọ náà dúró. Fún ọjọ́ mélòó kan, ojú ń ti gbogbo wa láti kí ara wa. Lẹ́yìn náà ló wá sọ fún Àlàájì pé ọ̀pọ̀ ilé iṣẹ́ ń fọ amọ̀, bákẹ́ẹ̀tì aró sì wà lọ́dọ̀ gbogbo wọn. Bóyá kí wọ́n kọ ìkìlọ̀ kúkúrú kan lórí bí amọ̀ ṣe ń mu aró, kí orúkọ Àlàájì ṣáájú.

"Ṣé àṣìṣe mi lẹ wá fẹ́ kọ orúkọ mi sí lára?" ni Àlàájì bi í. Ó ní bẹ́ẹ̀ ni, tí wọ́n bá fẹ́. Wọ́n lọ kí ìrun Àsárì. Nígbà tí wọ́n dé, wọ́n ní kí a kọ ọ́.

"Mo ti pe àbúrò mi," ni wọ́n sọ fún mi bí mo ti ń kọ ọ́. "Mo ní ìwé yẹn ti kéré sí i. Ó ní báwo ni ìwé ṣe ń kéré? Mo ní omi ló gbẹ."

Ní ọ̀sẹ̀ ìkẹyìn wọn níbi iṣẹ́, mo gbé ohun tí mo kọ fún wọn. Ojú ewé méjì péré ni: bí a ṣe pèsè ife, bí a ṣe pèsè bákẹ́ẹ̀tì, ohun tó mu aró, ohun tó kù ní funfun. Orúkọ wọn wà lókè pátápátá. Wọ́n fojú fò ó bí ẹni tí kò rí i, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í ka ìyókù pẹ̀lú ìka lórí ìlà. Nígbà tí wọ́n dé gbólóhùn tó gbẹ̀yìn, ìka náà dúró.

"Ka ibí yìí fún mi."

Mo kà á: "Gbogbo amọ̀ ló máa ń mu aró inú bákẹ́ẹ̀tì."

"Amọ̀ mélòó la dán wò?"

"Ọ̀kan, sà."

Wọ́n mú bírò lójú tábìlì mi, wọ́n fa ìlà sórí "gbogbo", wọ́n sì dá ìwé náà padà fún mi.

"Tún un kọ," ni wọ́n wí. "Orúkọ mi ló wà lókè yẹn."